Ṣàngó ní Ìlú Òyìnbó, Ṣàngó ní Abúlé Wa



Àwọn kan nínú wa ní ohun òrìṣà kò gbọdọ̀ dé iwájú kámẹ́rà òyìnbó rárá. Èmi kò bá wọn gbà á tán.

Ẹ wo Dúró Ládípọ̀, ọmọ katikísì ní Òṣogbo. Nígbà tí ó fi dùndún sí orin Àjíǹde, àwọn ará ìjọ kọ̀ ọ́, nítorí ìlù kèfèrí ni wọ́n kà á sí. Ẹgbẹ́ Mbárí tí a dá sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1961 ni ó gbà á láyè. Ní 1962, ó ṣí Mbárí Mbáyọ̀ ní Òṣogbo. Ní 1964, ó kó Ọba Kò So lọ sí àjọ̀dún eré ní Berlin, ní Jámánì. Ọdún kejì rẹ̀, ó kó o dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ìlù tí a lé kúrò nínú ṣọ́ọ̀ṣì wá di ohun tí Yúróòpù jókòó gbọ́!

Kí ni wọ́n rí? Bàtá, ijó, oríkì, ìtàn Ṣàngó pẹ̀lú Tìmì àti Gbọ̀ọ́nkáà. Eré ni, kì í ṣe ètùtù. Oṣé orí ìtàgé kì í ṣe oṣé tí a ti bọ, ẹdùn àrá orí odó kò sì ní í ṣe pẹ̀lú kámẹ́rà. Bẹ́ẹ̀ náà ni Ifá: nígbà tí UNESCO kéde rẹ̀ ní 2005, ẹsẹ̀ Ifá kò fara pamọ́ fún ayé, ṣùgbọ́n igbódù ṣì ní ilẹ̀kùn.

Berlin jìnnà, ṣùgbọ́n kámẹ́rà ti wọ abúlé wa ní Akínyẹlé àti Lágelú. Ẹni tí ó gbé e wá a máa sáré ya ẹ̀jẹ̀ ẹbọ, nítorí ohun tí ayé fẹ́ wò nìyẹn. Ìyá àgbà tí ń ki Ṣàngó lẹ́bàá ògiri, kò ní yà á. Ohun tí ó ń bí mi nínú nìyí, nítorí àwọn ìyá tí ó mọ oríkì náà délẹ̀ ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹbọ á tún wáyé lọ́dún tó ń bọ̀. Oríkì tí ó bá ìyá lọ kò ní padà.

Kí bàtá tó dún lọ́dún yìí, kí àwọn àwòrò jókòó pẹ̀lú Baálẹ̀. Kí a ti ilẹ̀kùn ojúbọ, kí a gbé àga fún ìyá àgbà, kí a gbé makirofóònù síwájú rẹ̀, kí ẹni tí ó yà á sì fi ẹ̀dà kan sílẹ̀ ní abúlé kí ó tó wọ ọkọ̀.