Ọkọ̀ Yanrìn Tí Ìjọba Gbẹ́sẹ̀ Lé

Kò sí ilé kan tí à ń kọ́ ní Bódìjà, ní Agbowó tàbí ní Challenge tí kò lo yanrìn. Ní ọdún 2022, ẹ̀ka Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé tí ó ń mójú tó ọ̀ràn àyíká sọ pé yanrìn àti òkúta wẹ́wẹ́ tí aráyé ń lò tó 50 bílíọ̀nù tọ́ọ̀nù lọ́dún kan. Ohun tí ọjà rẹ̀ gbòòrò tó bẹ́ẹ̀, kò yani lẹ́nu bí àwọn kan bá ń wà á nínú odò láìgba àṣẹ. Ọ̀ràn tí a fẹ́ gbé yẹ̀ wò lónìí ni èyí: bí ọwọ́ ìjọba bá tẹ ọkọ̀ típà tí ó ru irú yanrìn bẹ́ẹ̀, ta ni ó ní àṣẹ láti dá a sílẹ̀, ọ̀nà wo sì ni ó yẹ kí ó gbà?

Kí ẹnikẹ́ni má ṣì wá gbọ́. Àwa kò gbèjà àwọn tí ń ba odò jẹ́. Ẹni tí ó gbẹ́ ìsàlẹ̀ odò, ìdí afárá ni ó ń gbẹ́. Ìbàdàn kò sì ní ṣàìmọ ohun tí odò lè fi ojú ènìyàn rí: a kò gbàgbé bí Ògùnpa ṣe ya lu ìlú ní 31 Oṣù Kẹjọ 1980, bẹ́ẹ̀ ni a kò gbàgbé omíyalé ti 26 Oṣù Kẹjọ 2011. Òfin ìwakùsà ti ọdún 2007 ka yanrìn mọ́ ohun tí ènìyàn kò gbọdọ̀ wà fún òwò láìgba ìwé àṣẹ. Nítorí náà, ìjọba ní ẹ̀tọ́ láti gbẹ́sẹ̀ lé ọkọ̀ arúfin.

Ṣùgbọ́n ìgbẹ́sẹ̀lé kì í ṣe ìdájọ́. Òfin ìpìlẹ̀ ilẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1999, ní abala 44, sọ pé a kò gbọdọ̀ fi ipá gba ohun ìní ènìyàn bí kò ṣe ní ọ̀nà tí òfin là sílẹ̀. Abala náà gba ìjọba láyè láti mú ohun ìní sọ́dọ̀ fún ìgbà díẹ̀ nítorí ìwádìí. Ó sì gbà á láyè láti gbẹ́sẹ̀ lé e pátápátá gẹ́gẹ́ bí ìjìyà fún rírú òfin. Ọ̀tọ̀ ni ti àkọ́kọ́, ọ̀tọ̀ ni ti èkejì. Ọkọ̀ tí a gbà fún ìwádìí, tí a kò gbé ẹjọ́ rẹ̀ lọ síbì kankan, tí òjò ń pa, tí táyà rẹ̀ ń jẹrà, tí bátìrì rẹ̀ sì ti kú, ìjìyà ti dé bá a kí adájọ́ tó gbọ́ ẹjọ́. Ó sì lè jẹ́ pé ẹni tí ó ni ọkọ̀ náà kò mọ ibi tí awakọ̀ ti lọ kó yanrìn, tàbí kí ó ṣì máa san owó ọkọ̀ náà díẹ̀díẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a wo ilẹ̀ Íńdíà, níbi tí ìpínlẹ̀ Kerala ti ṣe òfin yanrìn odò ní ọdún 2001, tí ó sì fún ìjọba ní agbára láti gba ọkọ̀. Ní Oṣù Kẹwàá 2002, ilé ẹjọ́ tí ó ga jùlọ ní ilẹ̀ náà pàṣẹ, nínú ẹjọ́ kan láti Gujarat, pé kò ṣàǹfààní kí ọkọ̀ pẹ́ ní àgọ́ ọlọ́pàá: kí a ya àwòrán rẹ̀ fún ẹ̀rí, kí olówó rẹ̀ tọwọ́ bọ ìwé, kí ó sì mú onídùúró wá, kí a tó dá a sílẹ̀.

Àwọn kan yóò sọ pé bí a bá dá ọkọ̀ sílẹ̀ lówùúrọ̀, yóò tún wà létí odò lálẹ́. Òótọ́ ni, kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ tí ó yẹ kí a fi ṣeré. Ilé ẹjọ́ kan náà ti sọ ní ọdún 2000, nínú ẹjọ́ igi igbó kan, pé kí a má máa fi ọwọ́ yẹpẹrẹ dá irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀, àti pé bí a bá tilẹ̀ máa dá a sílẹ̀, báńkì ni kí ó dúró fún owó rẹ̀. Ẹni tí ó bá mọ̀ pé iye owó ọkọ̀ òun wà lọ́wọ́ ilé ẹjọ́ yóò rò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Ìmọ̀ràn wa kò ju mẹ́rin lọ. Kí a fún awakọ̀ ní ìwé lójú ẹsẹ̀, tí yóò sọ òfin tí ó rú àti ọ́fíìsì tí ó gba ọkọ̀ náà. Nítorí ìjọba àpapọ̀ ni ó ni ọ̀ràn ìwakùsà, ìpínlẹ̀ sì ni ó ni àbójútó ilẹ̀, aráàlú kò sì mọ ẹnu ọ̀nà tí yóò kàn. Kí a gbé ẹjọ́ dé iwájú adájọ́ láàárín ọjọ́ tí òfin dá. Kí ó jẹ́ adájọ́ nìkan ni yóò dá iye owó ìdúró, kí a má ṣe dúnàá-dúrà rẹ̀ nínú ọgbà ọkọ̀. Kí ọkọ̀ tí a bá mú lẹ́ẹ̀kejì, tí ẹ̀bi sì dá a, di ti ìjọba pátápátá.

Ìgbìmọ̀ Aṣòfin wa ní Agodi lè sọ èyí tí ó kan ìpínlẹ̀ di òfin. Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ kọ́ àwọn ọmọ pé abala 46 fún ẹnikẹ́ni tí a bá tẹ ẹ̀tọ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀ láyè láti lọ sí ilé ẹjọ́ gíga. Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́ òṣèlú, ẹ má ṣe bẹ̀bẹ̀ fún ọkọ̀ ọ̀rẹ́ yín ní kọ̀rọ̀, kí ẹ sì máa pàtẹ́wọ́ nígbà tí a bá gba ti ọ̀tá yín. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni.