Ta Ló Pa Ìyálóde Ẹfúnṣetán?

Ẹ bi ọmọ ilé ìwé girama kan ní Agbowó tàbí Bódìjà léèrè bí Ẹfúnṣetán Aníwúrà ṣe kú. Kíá ni yóò dá yín lóhùn pé májèlé ló mu. Ẹ bi bàbá ọmọ náà, ìdáhùn kan náà ni ẹ ó gbọ́. Ẹ bi awakọ̀ tí ń kọjá ní Challenge, níbi tí wọ́n gbé ère obìnrin náà kalẹ̀ sí, yóò fi kún un fún yín pé ìkà èèyàn ni, pé ẹrúbìnrin tó bá lóyún ní ilé rẹ̀ ti kú nìyẹn, pé ìgbà tí ọwọ́ Ààrẹ Látòósà tẹ̀ ẹ́ ni ó gbẹ̀mí ara rẹ̀. Gbogbo wọn ni ọ̀rọ̀ náà dá lójú. Inú eré ni wọ́n ti mọ̀ ọ́n.

Ẹfúnṣetán kò mu májèlé. Wọ́n pa á ni.

Samuel Johnson, àlùfáà tí ó gbé Ìbàdàn láyé ìgbà náà, tí wọ́n sì tẹ ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ jáde ní ọdún 1921, kò fi ọ̀rọ̀ náà pamọ́. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Karùn-ún ọdún 1874 ni Látòósà gba oyè Ìyálóde lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹ̀sùn mẹ́ta ni wọ́n kà sí i lẹ́sẹ̀: pé kò bá Ààrẹ lọ sógun, pé kò fi nǹkan ìjà àti oúnjẹ ránṣẹ́ sí i lójú ogun, àti pé nígbà tí Ààrẹ ti ogun dé, kò jáde lọ pàdé rẹ̀ lẹ́yìn odi láti kí i kú àbọ̀. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ tún ẹ̀sùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta kà. Èwo nínú wọn ló mẹ́nu kan ẹrú tí ó pa? Obìnrin náà sanwó, ó sì bẹ̀bẹ̀, ṣùgbọ́n Ààrẹ kò gbà.

Ní òru ọjọ́ 30 oṣù Kẹfà ọdún náà, bí Ẹfúnṣetán ti sùn, méjì nínú àwọn ẹrú rẹ̀ sọ̀kalẹ̀ láti orí àjà, wọ́n sì fọ́ ọ lórí. Kúmúyìlò, ọmọ tí ó gbà tọ́, ni wọ́n ti fi àbẹ̀tẹ́lẹ̀ fà mọ́ra kí iṣẹ́ náà tó lè ṣeé ṣe. Nígbà tí ọ̀rọ̀ dé etí ìlú, àwọn ìjòyè jókòó, wọ́n wádìí, wọ́n sì pa ẹrú méjèèjì ní gbangba. Ọwọ́ tí ó gbé kùmọ̀ jìyà. Ẹnu tí ó rán an níṣẹ́ ń jẹun lọ.

Ẹ wá wo ohun tí eré sọ ọ̀rọ̀ yìí dà. Olóògbé Ọ̀jọ̀gbọ́n Akínwùmí Ìṣọ̀lá, ọmọ Ìbàdàn pọ́ńbélé, ni ó kọ ìwé eré náà tí wọ́n tẹ̀ jáde ní ọdún 1970. N kò ní í fi ẹnu àbùkù kan iṣẹ́ rẹ̀. Èdè inú ìwé náà dùn débi pé ẹni tó kà á lọ́mọdé kì í gbàgbé rẹ̀ títí ọjọ́ ogbó, ibẹ̀ gan-an sì ni ewu rẹ̀ wà. Nínú eré náà, Ìyálóde ṣòfin pé ẹrú òun kò gbọdọ̀ lóyún, ó pa Adétutù nítorí òfin yìí, Látòósà àti àwọn ìjòyè wá dìde bí olùgbàlà, wọ́n mú un, ó sì mu májèlé kú. Nígbà tí Ìṣọ̀lá Ògúnṣọlá, tí gbogbo wa mọ̀ sí I-Show Pepper, gbé e lọ sí pápá ìṣeré Olúbàdàn ní ọdún 1981, ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn ló wò ó. Lẹ́yìn náà ni fíìmù dé. Láti ìgbà náà ni ìlú ti dá ẹjọ́ rẹ̀ tán.

Ohun tí ikú májèlé ń ṣe nínú ìtàn yìí ni pé ó ń fọ ọwọ́ gbogbo èèyàn mọ́. Kò sí ẹni tí à ń wá mọ́. Kúmúyìlò pòórá lórí ìtàgé. Àwọn ìjòyè tí wọ́n ti ń gba ìbọn àti ẹ̀tù àwìn lọ́wọ́ obìnrin náà fún ogun wọn di olódodo tí ojú àánú wọn wà lára ẹrú, bẹ́ẹ̀ àwọn náà kó ẹrú jọ jìngbìnnì sí ilé. Ẹni tí wọ́n pa wá di ẹlẹ́bi kan ṣoṣo tó wà nínú ọ̀ràn ikú ara rẹ̀.

Mo ti gbọ́ èsì tí àwọn kan ń fọ̀: eré ni eré ń jẹ́, òǹkọ̀wé kì í ṣe òpìtàn. Bẹ́ẹ̀ ni. Ká ní orúkọ àtọwọ́dá ni ó fún obìnrin náà, tí ó sì pe ìlú náà ní ìlú kan ṣá, n kò ní í janpata. Ṣùgbọ́n orúkọ èèyàn ni, ìlú èèyàn sì ni. Shakespeare ṣe irú rẹ̀ fún Ọba Richard Kẹta ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ó sọ ọ́ di abuké apànìyàn tí gbogbo ayé kórìíra. Síbẹ̀, láti ọdún 1924 ni àwọn kan níbẹ̀ ti dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ láti gbèjà ọba náà, àwọn èèyàn wọn sì wà lára àwọn tó jà fitafita títí wọ́n fi hú egungun rẹ̀ jáde lábẹ́ ibi ìgbọ́kọ̀sí ní Leicester ní ọdún 2012. Òkú tí ó ti lé ní ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún!

A kò tilẹ̀ nílò láti dé ọ̀dọ̀ òyìnbó. Ṣé àwa kọ́ la ní Ṣàngó? Àwọn kan sọ pé ó pokùn so, àwọn olùfọkànsìn rẹ̀ ní ọba kò so, wọ́n sì fi ohùn, iná àti ààrá gbe ọ̀rọ̀ náà lẹ́sẹ̀ títí ó fi di orúkọ eré tí Dúró Ládiípọ̀ gbé jáde ní ọdún 1963. Ṣàngó ní adósù. Ọmọ kan ṣoṣo tí Ẹfúnṣetán bí ti kú ṣáájú rẹ̀. Ta ni yóò sọ pé Ìyálóde kò mu májèlé?

N kò sọ pé ẹni mímọ́ ni. Ẹni tí ẹrú oko rẹ̀ nìkan tó ẹgbẹ̀rún méjì kò lè jẹ́ ẹni mímọ́, ìtàn ìwà ìkà rẹ̀ tí àwọn àgbà ń pa sì lè jẹ́ òótọ́. Ṣùgbọ́n bí ìkà bá kú ikú ìpànìyàn, ìpànìyàn náà ni. Ní ọjọ́ 23 oṣù Kejìlá ọdún 2001, wọ́n yìnbọn pa Bọ́lá Ìgè, Mínísítà fún Ìdájọ́, nínú ilé rẹ̀ ní Bódìjà. Kò sí ẹnì kan tí ilé ẹjọ́ dá lẹ́bi ikú náà títí di òní. Bí òṣèré kan bá dìde lọ́gọ́rùn-ún ọdún sí i, tí ó ní bàbá náà ló yìnbọn fún ara rẹ̀ nítorí pé bẹ́ẹ̀ ni eré òun ṣe máa dùn, ṣé a ó pàtẹ́wọ́? Lójú mi, kò sí ìyàtọ̀ láàárín òkú Bódìjà àti òkú 1874, àfi pé a ṣì rántí ohùn ọ̀kan.

Ohun tó ń bí mi nínú jù ni pé ìtàn tòótọ́ dùn ju ti májèlé lọ. Ìbàdàn yìí kan náà ni Ọládẹ̀jọ Òkédìjí fi Lápàdé sí nínú Àjà Ló Lẹrù ní ọdún 1969, ọkùnrin tí kò dúró de òrìṣà tàbí àlá kí ó tó mọ ọ̀daràn, tó jẹ́ pé ẹsẹ̀ rẹ̀ ni ó fi ń wádìí. (Ẹ wo àkọlé náà dáadáa, ẹ sì rántí ibi tí àwọn apànìyàn ti sọ̀kalẹ̀.) Ẹ fojú inú wo Lápàdé nínú yàrá Ìyálóde lówùúrọ̀ ọjọ́ kìíní oṣù Keje. Ta ló jẹ ẹ́ lówó? Ta ló ṣílẹ̀kùn? Kí ló dé tí ọ̀rọ̀ fi gba oṣù méjì láàárín ìgbà tí wọ́n gba oyè àti ìgbà tí wọ́n gba ẹ̀mí?

Ẹ̀yin olùkọ́ tí ẹ ń kọ́ àwọn ọmọ wa ní ìwé eré yìí, ẹ gbé ìtàn Johnson tì í lẹ́gbẹ̀ẹ́ kí wọ́n lè fi ojú ara wọn wò ó. Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣe fíìmù, tí ẹ ń ráhùn pé ìtàn ti tán, ẹ má ṣe gbé ife májèlé yẹn fún wa mọ́. Kúmúyìlò nìkan tó iṣẹ́ fún òṣèré tó mọ iṣẹ́: ọmọ tí ó ń kí ìyá rẹ̀ pé ó dàárọ̀, tí ó sì mọ ẹni tó wà lórí àjà.