Ta Ló Bi Manju Léèrè?

Ọ̀rọ̀ tó máa ń yá lẹ́nu àwọn tó bá wo apá kìíní Selection Day, eré orí tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ Íńdíà tí Netflix gbé jáde ní oṣù Kejìlá ọdún 2018, ni pé bàbá inú rẹ̀ le lóòótọ́, ṣùgbọ́n ire ọmọ ló ń wá. Ọ̀rọ̀ náà kò tọ̀nà. Mohan Kumar kó ọmọkùnrin rẹ̀ méjì, Radha àti Manju, wá sí Mumbai, ó sì ti pín ipò fún wọn: Radha ni yóò mọ igi kíríkẹ́ẹ̀tì lò jù lágbàáyé, Manju ni yóò ṣìkejì. Bẹ́ẹ̀, ẹ̀kọ́ sáyẹ́ǹsì ló gba ọkàn Manju. Bàbá mọ bó ṣe yẹ kí ọmọ dúró, ó mọ bó ṣe yẹ kó di igi mú. Ìbéèrè kan ṣoṣo tí kò jáde lẹ́nu rẹ̀ ni bóyá ó wu ọmọ náà.

Wọ́n á ní ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Bẹ́ẹ̀ ni, ẹni tí yóò jẹ oyin ni òwe náà ń bá wí. Nínú ilé Mohan, ọ̀fun bàbá ni oyin ń lọ. Àwọn ọmọ ni àáké tó fi ń la àpáta. Bí àáké bá kán ńkọ́? Wọ́n á tún ní òṣì ló fà á, pé tálákà kò rí ọ̀nà mìíràn gbà. Ṣùgbọ́n mọ́kànlá péré ló ń wọ pápá fún Íńdíà, orílẹ̀-èdè tí èèyàn inú rẹ̀ lé ní bílíọ̀nù kan. Ẹni tó bá pe ìyẹn ní ọ̀nà àbáyọ, tẹ́tẹ́ ló ń ta, ọmọ ló sì fi ta á. Wọn kò ní ṣàì dárúkọ Sachin Tendulkar, ìlú-mọ̀-ọ́n-ká eléré kíríkẹ́ẹ̀tì Íńdíà, tí òun àti Vinod Kambli jọ kó ayò 664 nínú ìdíje àwọn ilé ìwé Mumbai ní 1988. Orúkọ ẹnì kan tó yege kì í ṣe ìdáhùn fún ọmọ tí a kò bi léèrè.

Ẹ̀bi náà kì í sì í ṣe ti bàbá nìkan, àwa tí à ń pàtẹ́wọ́ jẹ nínú rẹ̀. Ní oṣù Kìíní ọdún 2016, Pranav Dhanawade, ọmọ ọdún 15 tí bàbá rẹ̀ ń wa kẹ̀kẹ́ Márúwá ní Kalyan, nìkan kó ayò 1,009. Ìwé ìròyìn káàkiri ayé gbé e gẹ̀gẹ̀. Kò pé ọdún méjì tí ẹbí rẹ̀ fi ní kí ẹgbẹ́ kíríkẹ́ẹ̀tì Mumbai dá owó rúpì 10,000 tí wọ́n ń fún un lóṣooṣù dúró, torí pé ayò kò wọlé mọ́. Àwọn tó gbé e gẹ̀gẹ̀ ti bá tiwọn lọ. Kì í sì í ṣe kíríkẹ́ẹ̀tì nìkan. Ní ìpínlẹ̀ Odisha ní Íńdíà, ọdún 2006, Budhia Singh sá eré kìlómítà 65 láàárín Puri àti Bhubaneswar, nínú oòrùn oṣù Karùn-ún, fún bíi wákàtí méje. Ọmọ ọdún 4 ni! Àwọn àgbàlagbà tò sẹ́bàá ọ̀nà, wọ́n ń hó yèè, nígbà tí ìjọba sì fòfin de irú eré bẹ́ẹ̀ fún un, ìbínú ni olùkọ́ rẹ̀ fi gbà á. Ọmọ ọdún 4 kò lè sọ ohun tó wù ú, ká tilẹ̀ bi í. Manju lè sọ ọ́.