Ata Rodo Kì í Pa Aràn Ẹja, Iná Ló Ń Pa Á

 Ọ̀rọ̀ ẹja ni mo gbé wá lónìí. Tí a bá ń sọ̀rọ̀ aràn nílẹ̀ wa, oògùn nìkan là ń pariwo. Lójú tèmi, iná ìdáná ló yẹ ká kọ́kọ́ dárúkọ, pàápàá fún àwọn aràn kan tó ń gba inú ẹja odò wọ inú èèyàn.

Aràn pẹlẹbẹ ni wọ́n, wọn kì í sábà gùn tó mìlímítà méjì. Ẹyin wọn á bá ìgbẹ́ èèyàn tàbí ti ẹranko wọ inú omi, ìṣáwùrú á gbé e mì. Inú ìṣáwùrú ni ọmọ aràn á ti pọ̀ sí i, á jáde sínú omi, á wá ẹja kàn, á sì fara pamọ́ sínú ẹran ara rẹ̀. Kò ní dàgbà níbẹ̀. Ó ń dúró de ẹni tó máa jẹ ẹja náà láìjinná ni: èèyàn, ajá, ológbò, tàbí ẹyẹ tó ń pẹja jẹ. Inú ìfun onítọ̀hún ló ti máa dàgbà, tí á sì tún yé ẹyin. Tí wọn ò bá pọ̀, èèyàn lè má mọ nǹkan kan. Tí wọ́n bá pọ̀, inú rírun àti ìgbẹ́ gbuuru ló ń tẹ̀lé e. Nígbà mìíràn, ẹyin wọn máa ń dé ọkàn tàbí ọpọlọ, ibẹ̀ ni ewu gidi wà.

Theodor Bilharz, dókítà ọmọ Jámánì, ló rí irú kan tí wọ́n ń pè ní Heterophyes ní Cairo, ní Íjíbítì, lọ́dún 1851. Ọdún yẹn náà ló rí aràn tó ń fa àtọ̀sí ajá. Gbogbo ayé mọ àtọ̀sí ajá. Ti ẹja ò gbajúmọ̀ rárá. Ṣùgbọ́n ní ẹnu odò Náílì, wọ́n mọ̀ ọ́n dáadáa, nítorí ẹja tí kò jinná àti fesikh, ẹja oníyọ̀ tí wọn kì í sè. Ẹ má sọ pé Íjíbítì jìnnà. Nígbà ogun abẹ́lé, 1967 sí 1970, ìbátan aràn yìí tó ń gba inú akàn wọ ẹ̀dọ̀fóró pọ̀ sí i ní ìlà-oòrùn Nàìjíríà, torí ebi mú káwọn èèyàn jẹ akàn tí kò jinná.

Ẹ wá wo ọ̀dọ̀ wa. Ẹja odò Ọya ń ti Lọ́kọ́ja wọ Kàbà. Yàgbà ní dáàmù Omi-Kampe, omi dídúró sì bá ìṣáwùrú lára mu. Ajá pọ̀, àwọn kan ṣì ń yàgbẹ́ sétí odò. Àwọn ìyá wa ló ti ilẹ̀kùn mọ́ irú aràn yìí: wọ́n ń yan ẹja lórí iná títí tó fi gbẹ, wọ́n tún ń sè é nínú ọbẹ̀. Sáyẹ́ǹsì gidi nìyẹn.

Ohun tó ń bà mí lẹ́rù ni ẹja sísun ìrọ̀lẹ́ ní ojú títì, tí ara rẹ̀ ti dúdú, tí ata bò, ṣùgbọ́n tí ẹran ẹ̀gbẹ́ eegun rẹ̀ ṣì tutù. Ata, ọsàn wẹ́wẹ́ àti ọtí tẹ́ ẹ fi ń tì í sísàlẹ̀ ò lè pa aràn yẹn. Ooru tó dé inú, ó kéré tán 63°C, ló ń pa á. Tí ẹran bá ti funfun, tó ń ṣí kúrò lára eegun wẹ́rẹ́, ó ti jinná. Fìríìsà náà lè pa á, tó bá wà ní -20°C fún ọjọ́ méje gbáko. Àbí ta ló máa gbẹ́kẹ̀ lé iná mànàmáná wa yìí fún ọjọ́ méje?

Ẹnì kan á ní, "Ṣebí oògùn aràn wà ní kẹ́míìsì?" Ó wà, ṣùgbọ́n albendazole tí gbogbo wa ń rà kọ́ ni wọ́n fi ń wo aràn pẹlẹbẹ yìí. Praziquantel ni, èyí tí wọ́n ń lò fún àtọ̀sí ajá, àyẹ̀wò ìgbẹ́ ló sì yẹ kó ṣáájú. Tẹ́ ẹ bá lo oògùn lónìí, tẹ́ ẹ ju ẹja tútù sájá lọ́la, ajá yẹn á tún gbé ẹyin lọ sódò. Ẹ bá ajá náà sè é.

Nítorí náà, ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń ta ẹja sísun, ẹ jẹ́ kí iná pẹ́. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń rà á, ẹ ní sùúrù. Tí kò bá jinná, ẹ ní kí wọ́n dá a padà sórí iná. Kò sí ìtìjú níbẹ̀.