Orúkọ Ilé Kò Dí Ọ̀nà Àjò

Ilé là ń wò kí á tó sọ ọmọ lórúkọ. Ní ọdún 1971, ẹgbẹ́ olórin kan tí ó fi Lọ́ńdọ̀nù ṣe ibùjókòó gbé àwo orin rẹ̀ kejì jáde, ó sì sọ ọ́ ní Woyaya. Osibisa ni ẹgbẹ́ náà. Ìtumọ̀ orúkọ àwo náà ní èdè Gã sì ni “à ń lọ”. Àwọn òǹkọ̀wé òyìnbó a máa ka ẹgbẹ́ yìí mọ́ àwọn ẹgbẹ́ olórin rọ́ọ̀kì ti Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. A kò bá wọn jiyàn, nítorí ibẹ̀ ni a ti dá a sílẹ̀ ní 1969; ṣùgbọ́n ó yẹ kí á béèrè pé ọmọ ta ni àwọn olórin náà í ṣe.

Teddy Osei, Mac Tontoh àti Sol Amarfio, ọmọ Gánà ni wọ́n. Lasisi Amao, tí ń lu ìlù tí ó sì ń fun saksofóònù, ọmọ Nàìjíríà ni. Robert Bailey, Wendell Richardson àti Spartacus R wá láti Trinidad, Antigua àti Grenada. Láti ara osibisaba, ìlù àtijọ́ àwọn Fante, ni wọ́n ti mú orúkọ ẹgbẹ́ wọn. Orin kan nínú àwo kejì náà ń jẹ́ Rabiatu, orúkọ tí kò ṣàjèjì ní Ìbàdàn, ní Accra tàbí ní Bouaké.

Ǹjẹ́ orúkọ ilé dí ọ̀nà mọ́ wọn? Rárá o. Ní ọdún 1972 àwo Woyaya dé ipò kọkànlá láàrin àwọn àwo tí ó tà jù ní Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní 1973 Art Garfunkel ará Amẹ́ríkà kọ orin Woyaya sínú àwo tirẹ̀, kò sì pa orúkọ rẹ̀ dà.

Ní Bouaké yìí, níbi tí a ti ń kọ̀wé, ọdún 1971 kan náà ni ìjọba Côte d’Ivoire bẹ̀rẹ̀ sí fi amóhùnmáwòrán kọ́ àwọn ọmọ ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ìlú yìí ni a kọ́ ilé iṣẹ́ ńlá rẹ̀ sí. Ọmọ tí ń bá ìyá rẹ̀ sọ Baoulé, tí ń gbọ́ Dioula lọ́jà, tàbí tí ń sọ Yorùbá nínú agboolé àwọn oníṣòwò wa, Faransé ni yóò gbọ́ lẹ́nu ẹ̀rọ náà. Owó rẹ̀ wúwo, àwọn òbí àti olùkọ́ ráhùn. Lẹ́yìn nǹkan bí ọdún mẹ́wàá, a pa ètò náà tì. A kò sọ pé èdè nìkan ni ó pa á, ṣùgbọ́n gbogbo ọgbọ́n ẹ̀rọ yẹn kò fi èdè ilé ṣe nǹkan kan.

Ní 1970, Ọ̀jọ̀gbọ́n Babatunde Fafunwa àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Ifẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ ọ̀nà mìíràn. Ọdún mẹ́fà ni wọ́n fi èdè Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì, olùkọ́ tí ó mọ iṣẹ́ rẹ̀ dunjú sì ń kọ́ wọn ní Gẹ̀ẹ́sì lọ́tọ̀. Àwọn ọmọ náà kò rẹ̀yìn, àní nínú Gẹ̀ẹ́sì pàápàá.

Síbẹ̀, ní oṣù kọkànlá ọdún 2025, ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà fagi lé ìlànà ọdún 2022 tí ó fi èdè abínibí ṣe èdè ìkọ́ni ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ní ó ń mú kí àwọn ọmọ fìdí rẹmi nínú ìdánwò. Ó yẹ kí á kọ́kọ́ wo ìwé tí kò tó àti olùkọ́ tí a kò kọ́ níṣẹ́ yìí, kí á tó gbé ẹ̀bi ru èdè ìyá ọmọ.

Ẹnìkan lè wí pé Gẹ̀ẹ́sì ni Osibisa fi kọ púpọ̀ nínú orin wọn. Òtítọ́ ni, a kò sì ní kí ẹnikẹ́ni pa Gẹ̀ẹ́sì tì. Ìlù ilé ni wọ́n fi ṣe ìpìlẹ̀, wọ́n sì gbé Gẹ̀ẹ́sì lé e lórí. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni Fafunwa ṣe.

Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ má ṣe dákẹ́ lórí ọ̀rọ̀ yìí. Ẹ béèrè lọ́wọ́ àwọn aṣòfin yín pé kí wọ́n gbé àbájáde iṣẹ́ Ifẹ̀ síwájú ìjọba, kí wọ́n sì jẹ́ kí a yẹ̀ ẹ́ wò ní gbangba, kí ìran àwọn ọmọ mìíràn tó kọjá lọ.