Abẹ́òkúta Kì Í Ṣe Àpáta Nìkan

Àwọn àgbà tí wọ́n wí pé àìrìn jìnnà ni àìrí abuké ọ̀kẹ́rẹ́ kò bá ọjọ́ tiwa yìí pàdé, ọjọ́ tí ènìyàn lè jí ní Èkó, kí ó mu ẹ̀kọ gbígbóná ní Ẹ̀bútè Mẹ́ta, kí ó dúró lórí àpáta Olúmọ ní Abẹ́òkúta nígbà tí oòrùn bá kan àtàrí, kí ó sì tún padà wá na ẹ̀yìn lórí ẹní rẹ̀ ní alẹ́ ọjọ́ kan náà. Láti oṣù kẹfà ọdún 2021 tí wọ́n ti ṣí ojú irin tuntun, tí ó gùn ní kìlómítà 157 láti Èkó dé Ìbàdàn, ni ìrìn àjò ọlọ́jọ́ kan sí Abẹ́òkúta ti di ohun tí ilé ìwé, ìjọ àti ẹgbẹ́ ọ̀rẹ́ ń dáwó jọ ṣe: wọn a gba tíkẹ́ẹ̀tì, wọn a wá afinimọ̀nà kan, wọn a sì lọ fi ojú ara wọn rí ìlú tí wọ́n ti ń gbọ́ orúkọ rẹ̀ láti kékeré. Mo fọwọ́ sí i tọwọ́tẹsẹ̀. Mo sì ní ọ̀rọ̀ bá àwọn tí ń ṣètò rẹ̀ sọ.

Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti bá irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ìgbà àkọ́kọ́, a fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ogójì, àwọn ọmọ ilé ìwé ni ó sì pọ̀ jù nínú wa. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ara rẹ̀ yá gágá ni wọ́n fi ṣe afinimọ̀nà wa. Láti ìgbà tí ọkọ̀ ti gbéra títí ó fi dúró ní Ladérin, ibùdókọ̀ Abẹ́òkúta, kò sọ ju pé kí olúkúlùkù di tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ mú lọ. Nígbà tí a dé abẹ́ Olúmọ, ó nawọ́ sí ihò àpáta, ó ní ibẹ̀ ni àwọn Ẹ̀gbá sá pamọ́ sí nígbà ogun, ó ní kí a ya àwòrán, ó wo aago ọwọ́ rẹ̀, ó sì ní kí a máa bọ̀, nítorí pé ibi mẹ́fà mìíràn ṣì kù tí a gbọ́dọ̀ dé kí ọkọ̀ ìrọ̀lẹ́ tó ṣí. Ọmọkùnrin kan nínú wa béèrè pé, "Ẹ̀gbọ́n, ogun wo ni?" Èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó fi dá a lóhùn, ó ní ogun àtijọ́ ni. Ọmọ náà mi orí, ó sì tẹ̀lé wa. N kò lè di ẹ̀bi náà ru ọ̀dọ́mọkùnrin yìí, nítorí pé ẹni tí wọ́n fún ní ibi méje láàárín wákàtí mélòó kan, eré ni yóò sá. Ṣùgbọ́n àlejò ní ojú, kò fi ríran. Afinimọ̀nà ni ojú tí àlejò fi ń ríran, bí ojú náà bá sì dákẹ́, a ti rin ìrìn àjò òkùnkùn ní ọ̀sán gangan.

Ohun tí ó dùn mí jù ni pé abẹ́ àpáta kọ́ ni ìtàn náà ti bẹ̀rẹ̀; lórí ojú irin tí ó gbé wa lọ ni. Kò jìnnà sí ibùdókọ̀ Mobolaji Johnson tí a ti wọ ọkọ̀, nínú ọgbà rélùwéè ní Ẹ̀bútè Mẹ́ta, ni ilé tí wọ́n ń pè ní Jaekel wà, ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí wọ́n kọ́ ní 1898, tí ó ti di ilé àkójọ ohun àtijọ́ rélùwéè báyìí. Ẹnikẹ́ni nínú wa kò mọ̀ pé ó wà níbẹ̀. Láti Ẹ̀bútè Mẹ́ta dé Agbádó, irin tuntun àti irin àtijọ́ ń bá ara wọn rìn bí ẹ̀gbọ́n àti àbúrò: ẹ̀gbọ́n ni tẹ́ẹ́rẹ́ tí àwọn òyìnbó ṣí dé Ìbàdàn ní 1901, tí ìbú rẹ̀ kò ju ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta àbọ̀ lọ, àbúrò sì fi ohun tí ó lé ní ẹsẹ̀ bàtà kan fẹ̀ jù ú lọ.

Ta ni yóò sọ fún ọmọ tí ó jókòó lẹ́bàá fèrèsé pé ojú irin tẹ́ẹ́rẹ́ tí ó ń wò yẹn ni àwọn Ẹ̀gbá fi ọwọ́ ara wọn hú nílẹ̀ ní apá ọ̀dọ̀ tiwọn ní 1918? Ìlú tí ó ń ṣe ìjọba ara rẹ̀ ni Abẹ́òkúta, ìlú tí òyìnbó fi ìwé àdéhùn 1893 gbà pé òmìnira rẹ̀ wà lọ́wọ́ ara rẹ̀, kí wọ́n tó wá gba òmìnira náà ní 1914. Kò sì pé ọdún mẹ́rin tí owó orí fi dé, tí iṣẹ́ àfipáṣe sì ti wà nílẹ̀ ṣáájú rẹ̀, ni inú bá bí àwọn ará oko, wọ́n gbé ìbọn ọdẹ, wọ́n sì kọjú sí ohun tí agbára ìjọba ń gbà dé ọ̀dọ̀ wọn, èyíinì ni ojú irin. Àwọn ọmọ ogun tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ojú ogun Jámánì dé ni ìjọba kó lọ bá wọn. Ogun Adúbí ni wọ́n ń pè é títí di òní. Bí ọmọ bá gbọ́ èyí nígbà tí irin ń dún lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, kò tún ní rí ojú irin bí ohun tí ó kàn wà nílẹ̀ ṣáá mọ́.

Ní ìgbà kejì tí mo lọ, àwọn tí wọ́n ṣètò rẹ̀ fi ọgbọ́n ṣe é: wọ́n wá ìyá àgbà kan, olùkọ́ tí ó ti fẹ̀yìn tì, tí wọ́n bí sí Abẹ́òkúta tí ó sì dàgbà níbẹ̀, pé kí ó wá pàdé wa ní ibùdókọ̀. Ladérin kì í ṣe àárín ìlú, ìdí nìyí tí ọkọ̀ bọ́ọ̀sì fi gbọ́dọ̀ wà ní sẹpẹ́. Wọ́n sì ti gbà á. Ibi mẹ́ta péré ni màmá yìí ní kí a dé, Olúmọ, Aké tí ààfin wà àti ọjà aláró Ìtòkú, ó ní ẹni tí ó bá fẹ́ rí ibi méje ní ọjọ́ kan yóò rí àtẹ̀gùn méje. Yorùbá ni ó ń sọ láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́. Ọmọ tí kò bá gbọ́ ọ̀rọ̀ kan a béèrè, màmá a sì túmọ̀ rẹ̀ fún un láìsí ìbínú, àwọn ọmọ náà sì kó ọ̀rọ̀ tí mo mọ̀ pé wọn kò ní rí nínú ìwé wọn.

Kí ẹsẹ̀ wa tó kan òkúta, ó ti pe Lísàbí Agbòǹgbò Àkàlà, àgbẹ̀ tí ó fi àáró, iṣẹ́ oko tí ọkùnrin ń bá ara wọn ṣe lọ́kọ̀ọ̀kan, bo ètò ogun mọ́lẹ̀ títí Ẹ̀gbá fi bọ́ àjàgà Ọ̀yọ́ lọ́rùn. Ó sọ bí ogun abẹ́lé ṣe tú igbó Ẹ̀gbá ká lẹ́yìn náà, tí ìlú lórí ìlú di ahoro, tí Ṣódẹkẹ́, olórí wọn, fi kó àwọn tí ó ṣẹ́kù wá sí abẹ́ àpáta yìí ní 1830, tí Aké, Òkè-Ọnà àti Gbágùrá kọ́kọ́ fi orí pamọ́, tí Òwu wá dara pọ̀ mọ́ wọn nígbà tó yá, tí abẹ́ òkúta fi di Abẹ́òkúta. Ó fi ihò tí àwọn ìyá wa ti ń lọ ata lójú àpáta hàn wá. Ọmọbìnrin kan ki ìka bọ̀ ọ́, ó sì dákẹ́ fún ìgbà pípẹ́. Nígbà tí a dé ibi tí ìyá àgbàlagbà tí ń tọ́jú ojúbọ jókòó sí, màmá kúnlẹ̀ kí i kí ó tó sọ ohunkóhun, ó sì ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbé fóònù sókè títí ìyá náà yóò fi gbà. Olúmọ kì í ṣe ibi eré nìkan, ibi tí àwọn ènìyàn ti ń bọ ohun tí ó gbà wọ́n là ni.

Lẹ́yìn náà ni ó na ọwọ́ sí ìhà odò Ògùn, ó sì bẹ̀rẹ̀ ìtàn ọjọ́ kẹta oṣù kẹta ọdún 1851. Gẹ́zò, ọba Dàhòmì, ti pa ìlú lórí ìlú kí ó tó wá. Àwọn ọmọ ogun rẹ̀ la odò kọjá, wọ́n sì dojú kọ ògiri ìlú ní ibodè Àró, àwọn Ẹ̀gbá sì dúró lórí ògiri náà bí ọ̀pẹ tí ìjì kò lè wó. Nígbà tí ìjà ń lọ lọ́wọ́ ni àwọn Ẹ̀gbá rí i pé obìnrin ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí ń bá wọn jà kíkankíkan bẹ́ẹ̀, ìtìjú pé obìnrin fẹ́ ṣẹ́gun wọn sì sọ wọ́n di kìnnìún. Dàhòmì padà wá ní 1864, wọ́n sì tún lé wọn padà. Màmá kò fi obìnrin sí ọ̀dọ̀ àwọn ọ̀tá nìkan, nítorí pé Ẹ̀fúnróyè Tinúbú, tí wọ́n lé kúrò ní Èkó ní 1856, oníṣòwò tí kò mọ ìbẹ̀rù, ni ó ṣe ìrànwọ́ ohun ìjà fún Ẹ̀gbá, wọ́n sì fi í jẹ Ìyálóde ní ọdún 1864 yìí kan náà. Ọmọkùnrin tí ó béèrè lọ́jọ́sí pé ogun wo ni kò sí pẹ̀lú wa ní ọjọ́ yìí. Ó dùn mí gan-an ni.

Àwọn kan yóò wí pé ìgbádùn ni ènìyàn bá lọ, kì í ṣe ilé ìwé. N kò rí ibi tí ìgbádùn ti ju èyí lọ. Àwọn ọmọ tí wọ́n ń tẹ fóònù látàárọ̀ ni wọ́n ti ara wọn sún mọ́ màmá kí ọ̀rọ̀ kan má baà bọ́ sọnù. Bí ọmọdé kò bá bá ìtàn, yóò bá àrọ́bá, àrọ́bá sì ni baba ìtàn. Ṣùgbọ́n ẹnu ni àrọ́bá ń gbé, ẹnu àgbà tí ó mọ̀ ọ́n sọ.

Ní Aké, ẹ̀yin òǹkàwé ìwé ìròyìn yìí, ó yẹ kí ẹ mọ bí ọkàn mi ti rí. Ìlú yìí ni Àjàyí Crowther, ọmọ Òṣoògùn tí wọ́n kó lẹ́rú ní 1821, bọ́ sí ní 1846, tí ó sì ṣalábàápàdé ìyá tí ó bí i lọ́mọ lẹ́yìn nǹkan bí ọdún 25 tí wọn kò fi ojú kan ara wọn. Ìlú yìí náà ni Henry Townsend, míṣọ́nnárì òyìnbó, ti bẹ̀rẹ̀ Ìwé Ìròhìn ní 1859, ìwé ìròyìn àkọ́kọ́ ní gbogbo ilẹ̀ tí a ń pè ní Nàìjíríà lónìí, tí a sì fi èdè Yorùbá kọ. Ìfọ́lé ọdún 1867, nígbà tí wọ́n lé àwọn òyìnbó kúrò nílùú, ni ó pa á. Gbogbo ẹni tí ó ń fi Yorùbá kọ ohun tí àwọn ènìyàn ń rà kà ní owúrọ̀, ọmọ ilé yìí ni. Ẹgbẹ́ tí ó bá kó ọmọ Yorùbá lọ sí Aké láìfi ẹnu kan èyí ti jí wọn ní ogún.

Ìtòkú ni a ti pẹ́ jù. Màmá mọ aláró kan níbẹ̀ tí ó ṣì ń fi ẹlú gidi ṣiṣẹ́, tí ó sì jẹ́ kí àwọn ọmọ fi okùn ikò di aṣọ kéékèèké bí a ti ń ṣe àdìrẹ oníkò, kí wọ́n sì ki í bọ inú ìkòkò aró. Ó fi àdìrẹ ẹlẹ́kọ tí a fi ìyẹ́ adìyẹ ya hàn wọ́n pẹ̀lú, ó sì fi ayédèrú tí ẹ̀rọ ilẹ̀ òkèèrè tẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kí wọ́n lè mọ̀ ọ́n yàtọ̀. Àwọn ìyá irú àwọn obìnrin ọjà wọ̀nyí, ni màmá wí, ni wọ́n tẹ̀lé Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti ní ìparí ọdún 1947, tí wọ́n jókòó síwájú ààfin nítorí owó orí tí wọ́n ń gbà lọ́wọ́ obìnrin, tí wọn kò sì sinmi títí Aláké Adémọ́lá Kejì fi kúrò lórí ìtẹ́ ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1949. Ó ṣe pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ fi kún un pé kábíyèsí padà dé ní òpin ọdún 1950, nítorí pé ọmọ Ẹ̀gbá kì í pa ìdajì ìtàn.

Ẹ wò ó, kò sí èyí tí ó gba ohun tí a kò ní. Ibi mẹ́ta dípò méje. Àgbà ìlú kan tí ó mọ ìtàn, tí ó sì fẹ́ràn ọmọ. Yorùbá lẹ́nu rẹ̀. Owó tí ó tó fún un, nítorí pé ọbẹ̀ tí ó dùn, owó ni ó pa á. Bí ó bá ṣeé ṣe, kí ó wọ ọkọ̀ pẹ̀lú wọn láti Èkó, kí ìtàn lè bá irin rìn.

Orúkọ tí wọ́n fi sọ ibùdókọ̀ Pápálantó ni ti Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, orúkọ Wọlé Ṣóyínká sì ni wọ́n fi sọ ti Ladérin, ẹni tí ó wà ní ọmọdé nígbà rògbòdìyàn àwọn obìnrin náà, tí ó sì kọ ọ́ sínú ìwé ìgbà èwe rẹ̀ lórí Aké. Màmá ti sọ èyí fún wa kí ó tó kí wa pé ó dìgbóṣe. Bí a ti ń padà bọ̀ ní alẹ́, ọkọ̀ dúró díẹ̀ ní Pápálantó, iná sì wà lára pátákó ibùdókọ̀. Ọmọbìnrin tí ó ki ìka bọ ihò ata ti fi orí ti fèrèsé, aró ẹlú ṣì wà lábẹ́ èékánná rẹ̀, ó la ojú, ó ka orúkọ náà sókè, ó sì jí ẹnìkejì rẹ̀ pé, "Dìde, dìde, ọ̀dọ̀ ìyá tí ó jókòó níwájú ààfin ni a dé yìí."