Ọ̀nà Títì Ló Kún Ọjà Ejìnrìn

Àwọn kan gbà pé ohun méjì tó takora kò lè jẹ́ òtítọ́ pọ̀. Èmi kò gbà, ìtàn ọjà Ejìnrìn nílẹ̀ Ìjẹ̀bú sì ni ẹ̀rí mi. Ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, etí ọ̀sà ibẹ̀ ni ọkọ̀ ará Èkó ti ń gúnlẹ̀, tí epo pupa ń sọ̀ kalẹ̀ láti òkè wá bá aṣọ òyìnbó. Ìjẹ̀bú ti ọ̀nà òkè mọ́ àlejò, títì yẹn gan-an ló sì mú kí ọjà kún. Òun kan náà ló ni Ìbàdàn lára lásìkò tí wọ́n ń jagun. N kò ní fi bò. Òyìnbó fi ìbọn ṣí ọ̀nà ní Ìmàgbọ̀n lóṣù karùn-ún ọdún 1892. Rélùwéè Èkó dé Ìbàdàn ní 1901, ẹrù yà gba ojú irin. Ọ̀nà ṣí, ọjà rọ. Àwọn àgbà tó ní tibi-tire la dá ilé ayé kò pín ibi àti ire sí ìgbà méjì. Wọ́n ní papọ̀ la dá wọn. Ẹ̀yin olùkọ́ ìtàn ní Ẹ̀pẹ́ àti Ìkòròdú, ẹ jọ̀wọ́, ẹ kọ́ àwọn ọmọ wa ní apá méjèèjì.